Bí A Ṣe Bọ́ Lọ́wọ́ Ìdájọ́ Báǹkì: Sí Mojísọ́lá, Òṣìṣẹ́ Tuntun ní Dùgbẹ̀

Agbowó, Ìbàdàn.
Ọjọ́ Sátidé, lẹ́yìn tí a ti ta búrẹ́dì òwúrọ̀ tán.

Mojísọ́lá mi, Àjíkẹ́ ọmọ mi,

Mo kí ọ kú oríire iṣẹ́ tuntun. Láti ìgbà tí o ti pè wá pé báǹkì gbà ọ́, ẹnu mi ò tíì padé. Dádì yín ti ròyìn rẹ̀ ká gbogbo àdúgbò, títí kan ẹni tó wá ka mítà iná, tí kò bi wọ́n ní nǹkan kan. Ọlọ́run tó fún ọ níṣẹ́ yóò fún ọ ní ọgbọ́n tí o máa fi ṣe é.

Ṣùgbọ́n nígbà tí o sọ pé ẹ̀ka tí wọ́n gbé ọ sí ni ẹ̀ka tó ń gba owó lọ́wọ́ àwọn tó jẹ báǹkì ní gbèsè, ẹ̀rín pa mí débi pé mo ní láti wá àga jókòó. O bínú sí mi. Mi ò lè dá ọ lóhùn lórí fóònù, nítorí ọ̀rọ̀ náà gùn, Dádì yín sì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi tí wọ́n ń ṣẹ́jú sí mi pé kí n má wulẹ̀ bẹ̀rẹ̀. Mo ti gbàṣẹ lọ́wọ́ wọn báyìí. Wọ́n ní kí n kọ ọ́, kí n má ṣáà fi àwọn ṣe ẹlẹ́yà. Mi ò ṣèlérí.

O mọ̀ pé àwa àti báǹkì kan ní wàhálà nígbà tí o wà ní sẹ́kọ́ńdírì. O rántí pé ìgbà kan wà tí a ń fi ọwọ́ po fúláwà, tí gbogbo wa ń sùn pẹ̀lú ẹ̀yìn ríro. Ohun tí a kò sọ fún ọ ni pé ó kù díẹ̀ kí ilé búrẹ́dì tó bọ́ yín, tó sì rán yín níléèwé, lọ sọ́wọ́ ẹlòmíràn. Ní báyìí tí ìwọ ni wàá máa jókòó lódìkejì tábìlì, ó yẹ kí o mọ bí ìjókòó ìhà ibí ṣe rí.

Mo yá owó báǹkì láti ra ẹ̀rọ ńlá tí a fi ń po fúláwà, pẹ̀lú jẹnẹrétọ̀. Iṣẹ́ ń lọ dáadáa nígbà náà. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ yunifásítì ń jẹ búrẹ́dì wa bí ẹni pé ìyàn ń bọ̀. Mo buwọ́ lu ìwé báǹkì láì kà á. Òṣìṣẹ́ tó mú un wá ń fi ìka han ibi tí mo máa fọwọ́ sí, èmi náà ń fọwọ́ sí i, ọ̀rọ̀ ìgbéyàwó àbúrò rẹ̀ la sì ń sọ lẹ́nu. Kò pẹ́ tí fúláwà fi gbówó lórí, tí ṣúgà náà tẹ̀ lé e. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í fi owó oṣù yìí san ti oṣù tó kọjá, títí mi ò fi rí nǹkan san mọ́. Èlé wá ń gun orí èlé. Mi ò dá báǹkì lẹ́bi o. Wọ́n yá mi, mi ò dá a padà. Ẹni tó yá ẹgbẹ̀fà tí kò san án, ó bẹ́gi dínà egbèje ni.

Nígbà tó yá, ìwé kóòtù dé. Wọ́n ní kí n wá sí ilé ẹjọ́ ní Ring Road lọ́jọ́ báyìí, kí n wá sọ ìdí tí ilé ẹjọ́ kò fi gbọdọ̀ dá báǹkì láre. Kí ni ọlọ́gbọ́n yóò ṣe? Yóò wá lọ́yà. Kí ni àwa ṣe? A wá àgbà.

Dádì yín ló mú ìmọ̀ràn náà wá, èmi ni mo pàtẹ́wọ́ sí i. Wọ́n ní kò sí ọ̀rọ̀ tí ẹ̀bẹ̀ kì í yanjú, àti pé ẹ̀bẹ̀ là ń bẹ òṣìkà kó tún ìlú ṣe. A bẹ Bàbá Ìjọ wa pé kí wọ́n ṣáájú. O rántí wọn, bàbá gíga tó máa ń fún yín ní bisikí lẹ́yìn ìsìn. Wọ́n wọ agbádá, Dádì yín wọ agbádá, ẹ̀gbọ́n Dádì yín náà ti Iléṣà dé pẹ̀lú tiwọn, a sì forí lé báǹkì ní Dùgbẹ̀ bí ẹni ń lọ tọrọ ìyàwó.

Ọ̀dọ́mọkùnrin tó ń mójú tó gbèsè wa jẹ́ ọmọ tí wọ́n kọ́ nílé. Kí àwọn àgbà tó sọ ohun tí wọ́n bá wá, ó ti dọ̀bálẹ̀ gbalaja lórí kápẹ́ẹ̀tì ọ́fíìsì. Bàbá Ìjọ sọ̀rọ̀, wọ́n pa òwe, wọ́n gbàdúrà fún un. Ó ń ṣe àmín. Ìgbà tí wọ́n parí, ó ní:

“Ẹ̀yin bàbá mi, ẹ má dààmú mọ́. A ti gbọ́. Ẹ máa lọ sílé, kò séwu.”

Ọmọ mi, o mọ ohun tí gbólóhùn yẹn jẹ́ létí Yorùbá. Ó ti parí nìyẹn. Bàbá Ìjọ ní ọmọ náà yóò dàgbà, yóò dogbó. Ní Sunday tó tẹ̀ lé e, a ṣe ìdúpẹ́ ní ṣọ́ọ̀ṣì. Mo yan búrẹ́dì fún gbogbo ìjọ, mo jó dé iwájú pẹpẹ, mo jẹ́rìí pé Ọlọ́run ti pa gbèsè mi rẹ́. Ìjọ hó yèè. Nígbà tí ọjọ́ kóòtù pé, ilé búrẹ́dì ni mo wà, mò ń kọrin. Ilé ẹjọ́ pe orúkọ mi, wọn kò rí mi, wọn kò rí lọ́yà, adájọ́ sì dá báǹkì láre. Kí ló tún kù tí adájọ́ ìbá ṣe?

Kì í ṣe pé ọ̀dọ́mọkùnrin yẹn parọ́. Ọ̀wọ̀ ló ń bù fún àwọn àgbà. Kò lè wo ojú ẹni tó jẹ́ ẹgbẹ́ bàbá rẹ̀ kó sọ fún un pé òun kò ní agbára láti dá ẹjọ́ dúró. Nítorí náà ó fi ẹnu dídùn rán wọn lọ sílé.

Ìmọ̀ràn kìíní mi sí ọ nìyí, bí o bá gbàgbé gbogbo ìyókù, má gbàgbé èyí. Àwọn àgbà á wá bá ọ ní Dùgbẹ̀. Wọ́n á gbé fìlà wá, wọ́n á gbé bíṣọ́ọ̀bù wá, wọ́n á gbé lémọ́ọ̀mù wá, àwọn míì á gbé ìyá ìyá wọn wá. Kúnlẹ̀ kí wọn. Fún wọn ní omi. Lẹ́yìn náà, sọ òótọ́ fún wọn láì bomi là á: “Ẹ̀yin bàbá, mo gbọ́ ẹ̀bẹ̀ yín, àmọ́ ẹjọ́ náà ṣì wà níbẹ̀. Ẹ lọ wá lọ́yà, kí ẹ sì dé kóòtù lọ́jọ́ tí wọ́n dá.” Wọ́n lè bínú. Wọ́n lè ní ọmọ ta nìyí. Jẹ́ kí wọ́n bínú lọ sí kóòtù.

Àwọn béélífù, òṣìṣẹ́ kóòtù, dé ní àárọ̀ ọjọ́ kan, búrẹ́dì wà nínú ààrò. Wọn kò hùwà burúkú. Wọ́n ka ìwé ìdájọ́ fún mi, wọ́n gbé ẹ̀rọ àti jẹnẹrétọ̀ sọ́kọ̀, wọ́n ní bí n kò bá san owó náà, wọn yóò tà á, bí èyí kò bá sì tó, báǹkì lè padà sí ilé ẹjọ́ nítorí ilé tí a ń gbé. Bàbá Ìjọ sáré dé, wọ́n ń sọ fún wọn pé báǹkì ti dárí jì wá. Mo rí ojú Bàbá Ìjọ nígbà tí ọkọ̀ náà lọ, àánú wọn ṣe mí ju tara mi lọ.

Mo sunkún fún ìwọ̀nba ìgbà tí búrẹ́dì inú ààrò fi jinná. Mo kó o jáde, mo pín in fún àwọn tó ń tà á, mo sì wọ takisí lọ sí Ring Road lọ wá lọ́yà. Ọmọdébìnrin kan ni, ọ́fíìsì rẹ̀ kò tóbi ju ibi ìkó-fúláwà wa lọ. Ó bi mí bóyá mo jẹ owó náà lóòótọ́. Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Ó ní nígbà náà, kí a má fi owó tí a kò ní jà lórí ìdájọ́, kí òun kọ̀wé sí báǹkì, kí a béèrè ohun tí wọ́n lè gbà kí gbogbo rẹ̀ tán.

Báǹkì dáhùn. Ìdáhùn wọn dùn, ó sì ní eyín. Wọ́n ní bí mo bá san iye kan báyìí lẹ́ẹ̀kan náà, tí kò tó ìdajì ohun tí ilé ẹjọ́ dá, kí iṣẹ́ tó parí lọ́jọ́ Jímọ̀ tó kẹ́yìn oṣù, àwọn yóò fojú fo èlé àti ìyókù, àwọn kò ní ta ohunkóhun. Ṣùgbọ́n bó bá dín ní kọ́bọ̀, tàbí bó bá di ọjọ́ Sátidé, àdéhùn ti kú nìyẹn, gbogbo owó ìdájọ́ yóò jí dìde padà, títà yóò sì bẹ̀rẹ̀. Lọ́yà náà jẹ́ kí n ka ìwé náà síta fún òun, ó ní kí n tún un sọ lédè ara mi. Mo ní, “Iye báyìí, ọjọ́ báyìí, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ a padà síbi tí a wà.” Ó ní ó ti yé mi. Ìwọ náà, máa jẹ́ kí àwọn oníbàárà rẹ tún un sọ fún ọ bẹ́ẹ̀. Ẹni tó bá ní òun gbọ́, tí kò lè tún un sọ, kò tíì gbọ́.

Níbo ni a ti máa rí owó? Nígbà yẹn ni mo jókòó, mo ronú, mo sì rí i pé èmi náà ni báǹkì! O mọ bí òwò wa ṣe ń lọ: ọ̀pọ̀ àwọn tó ń ta búrẹ́dì ń gbé e láàárọ̀ láwìn, wọn á mú owó wá nírọ̀lẹ́. Àwọn kan ń gbé e lọ, tiwọn ò ní ìrọ̀lẹ́. Gbèsè ọlọ́dún mélòó kan wà lọ́rùn wọn, mo sì ti ń fojú fò ó nítorí “ẹ jọ̀ọ́, Ìyá Mojí.” Mo pè wọ́n jọ. Mo ní ẹni tó bá san ìdajì gbèsè àtijọ́ kó tó di alẹ́ ọjọ́ Wẹ́sìdeè ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀, mo ti fi ìdajì tó kù jìn ín, màá sì kọ ọ́ fún un pẹ̀lú ọwọ́ ara mi. Ẹni tí kò bá san, gbogbo rẹ̀ dúró, kò sì ní gbé búrẹ́dì mi mọ́. Ọ̀rọ̀ báǹkì ni mo jí lò, mi ò fi nǹkan kan kún un.

Wọ́n rẹ́rìn-ín. Ìyá Ṣadé, ẹni tó jẹ mí jù, kò rẹ́rìn-ín. Ó lọ wá àgbà ní tirẹ̀.

Ìyá ọkọ rẹ̀ ló mú wá, arúgbó tó fẹ́rẹ̀ẹ́ má lè rìn, pẹ̀lú onílé wọn. Arúgbó yẹn fẹ́ kúnlẹ̀ fún mi. Mo di ìyá náà mú, gbólóhùn yẹn sì ti wà lẹ́nu mi: ẹ má dààmú mọ́, Mama. Mo rántí kápẹ́ẹ̀tì ọ́fíìsì Dùgbẹ̀. Mo gbé àga fún wọn, mo ní:

“Mama, mo bọ̀wọ̀ fún yín, ẹ jókòó. Ṣùgbọ́n mi ò lè gba ẹ̀bẹ̀ yìí. Bí kò bá san ìdajì lọ́jọ́ Wẹ́sìdeè, gbogbo rẹ̀ ló jẹ mí.”

Inú bí wọn. Onílé ní àwa ará Ìjẹ̀ṣà le jù. Ìyá Ṣadé kò kí mi nígbà tó ń lọ. Ní ọjọ́ Wẹ́sìdeè, kí oòrùn tó wọ̀, òun ló kọ́kọ́ dé, ó san ìdajì rẹ̀ pé. Ó ní nígbà tí òun rí i pé ẹnu mi kò yí padà níwájú arúgbó, òun mọ̀ pé òótọ́ ni, òun sì lọ bẹ olórí àjọ kó jẹ́ kí òun kó tòun ṣáájú. Mo kọ ìwé fún un. Ó gbé e sórí, ó jó yí ilé búrẹ́dì po. Nígbà tí àwọn yòókù gbọ́, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í dé lọ́kọ̀ọ̀kan.

Ní gbogbo ìgbà yẹn, a kò dáwọ́ iṣẹ́ dúró. Ẹ̀rọ ti lọ, ọwọ́ kò lọ. Dádì yín, tísà ìtàn tó fẹ̀yìn tì, bọ́ ẹ̀wù, wọ́n ń po fúláwà, wọ́n ń ka orúkọ àwọn ọba Ọ̀yọ́ ní ẹsẹ̀ẹsẹ̀ kí ó má bàa sú wọn. Búrẹ́dì wọn wọ́, àwọn èèyàn sì rà á bẹ́ẹ̀.

Síbẹ̀ owó kò pé. Bàbá Ìjọ wá, wọ́n ní kí a kó ohun tó wà nílẹ̀ lọ, àwọn á tẹ̀ lé wa, báǹkì kò ní wo ojú àwọn kó ní òun kò gba ìyókù lóṣù tó ń bọ̀. Mo wo Dádì yín. Mo rò pé a tún fẹ́ wọ agbádá nìyẹn. Dádì yín mú kọ́kọ́rọ́ Ìjàpá wọn, Volkswagen tí wọ́n fi gbé mi níyàwó, wọ́n wà á lọ sí Mọ́kọ́lá. Kẹ̀kẹ́ ni wọ́n wọ̀ padà. Wọ́n gbé owó náà lé mi lọ́wọ́, wọ́n ní, “Ẹ̀bẹ̀ mi nìyí.” Mo ti fẹ́ràn bàbá yín tẹ́lẹ̀ o, ṣùgbọ́n ọjọ́ yẹn ni mo tó mọ irú ẹni tí mo fẹ́.

Ọjọ́ Jímọ̀ náà, èmi nìkan ni mo lọ. Mo san owó náà ní káńtà, ó pé. Mo gòkè lọ bá ọ̀dọ́mọkùnrin wa, mo ní mo wá gba ìwé tó sọ pé mo ti san, àti pé gbèsè ìdájọ́ náà ti tán. Ó dìde, ó tẹrí ba fún mi, ó ní, “Mummy, ẹ máa lọ sílé, a ó fi ránṣẹ́ sí yín.”

Ẹ máa lọ sílé! Mojísọ́lá, ṣé o mọ ohun tí àwọn bàbá wa ń ṣe ní Ìjẹ̀ṣà? Aṣọ ni wọ́n ń tà láwìn káàkiri ilẹ̀ Yorùbá. Bí wọ́n bá dé ilé ẹni tó jẹ wọ́n, wọn kì í jà, wọn kì í pariwo. Wọ́n á lóṣòó sẹ́nu ọ̀nà, wọ́n á ní lórí ìlóṣòó ni àwọn máa wà títí owó àwọn yóò fi jáde. Ìdí nìyí tí wọ́n ṣe ń pè wọ́n ní òṣómàáló. Gbogbo ayé ló mọ olówó tó lóṣòó ti onígbèsè. Èmi ni onígbèsè àkọ́kọ́ tó lóṣòó ti olówó. Mo ká ìró mi, mo lóṣòó síwájú tábìlì rẹ̀, mo sì sọ fún un pé ọmọ òṣómàáló ni mí.

Ojú tì í. Ó ní kí n jọ̀ọ́ kí n jókòó sórí àga. Mo ní àga rẹ̀ dára, n ò fẹ́. Àwọn oníbàárà ń yọjú. Obìnrin kan tó wà lórí ìlà béèrè ohun tó ṣẹlẹ̀, mo sọ fún un, òun náà ní òun ò ní kúrò níbẹ̀ àfi bí òun bá rí ìparí rẹ̀. Orúnkún ń dùn mí, ṣùgbọ́n ẹnu mi ń kọrin. Ọ̀dọ́mọkùnrin náà sáré lọ bá ọ̀gá, ọ̀gá bọ́ síta, ó wò mí, ó wọlé padà. Kí báǹkì tó tì, ìwé náà jáde pẹ̀lú òǹtẹ̀ àti ìbuwọ́lù. Lọ́yà mi gbé e lọ sí kóòtù ní ọjọ́ Ajé, wọ́n kọ ọ́ sílẹ̀ níbẹ̀ pé a ti san owó ìdájọ́ náà. Àwọn béélífù kan náà ló gbé ẹ̀rọ mi padà wá sí Agbowó, mo sì fún wọn ní búrẹ́dì gbígbóná. Àwọn tó ń ta búrẹ́dì gbé mi sókè bí ìyàwó tuntun.

Nítorí náà, ọmọ mi, bí ẹnikẹ́ni bá san tirẹ̀ pé, má sọ fún un pé kó máa lọ sílé. Fún un ní ìwé rẹ̀ lọ́jọ́ náà. Má gba ẹ̀bùn lọ́wọ́ onígbèsè, ìbáà ṣe búrẹ́dì. Ìwọ fúnra rẹ, bí o bá fẹ́ yá owó, ka gbogbo rẹ̀ kí o tó tẹ̀wọ́ gbà á, kí o sì lé ẹni tó bá ń bá ọ sọ̀rọ̀ ìgbéyàwó jáde nígbà tí o bá ń kà á. Jẹun kí o tó lọ síṣẹ́. Ọkàn onígbèsè máa ń gbóná, ti ẹni tí ebi ń pa náà máa ń gbóná, ẹ̀yin méjèèjì kò gbọdọ̀ pàdé bẹ́ẹ̀.

Ó ku ọ̀rọ̀ kan. Nígbà tí ọ̀dọ́mọkùnrin yẹn fún mi ní ìwé náà, ó padà sídìí kọ̀ǹpútà rẹ̀. Iṣẹ́ wà lọ́wọ́ rẹ̀, n kò bá a wí. Ẹni kejì rẹ̀ ń wo fóònù. Mo ti borí ohun tó tóbi jù láyé mi, kò sí ẹni tó sọ ohunkóhun. Mo sọ̀ kalẹ̀ lórí àtẹ̀gùn, mo wọ takisí ní Dùgbẹ̀, mi ò lè pa á mọ́ra, mo sọ fún awakọ̀ pé mo ṣẹ̀ṣẹ̀ san gbèsè báǹkì tán ni. Ó pa rédíò. Ó ní, “Ẹ kú oríire, Mama.” Àwọn èrò mẹ́ta tó jókòó lẹ́yìn gbà á lẹ́nu rẹ̀, wọ́n ń kí mi, wọ́n ń kí mi títí tí a fi dé Mọ́kọ́lá, àwọn èèyàn tí mi ò mọ̀ rí. Ibẹ̀ ni mo ti sunkún.

Mojísọ́lá, ọjọ́ tí ẹnikẹ́ni bá san gbèsè rẹ̀ tán níwájú rẹ, fi ohun tó wà lọ́wọ́ rẹ sílẹ̀. Dìde dúró, kí o kí i kú oríire.

Èmi ni,
Ìyá rẹ tó fẹ́ràn rẹ, tí kò jẹ ẹnikẹ́ni lówó.